Òkúta tí Josephus Fò Kọjá

Bí pásítọ̀ bá ń wàásù lórí Lúùkù orí 21, tí ó sì fẹ́ fi han ìjọ pé ọ̀rọ̀ Olúwa wa nípa Jerúsálẹ́mù ṣẹ, kì í pẹ́ tí orúkọ Josephus fi ń jáde. A ó gbọ́ iye ènìyàn tó kú, a ó gbọ́ nípa ìyá tó pa ọmọ rẹ̀ jẹ nígbà ìyàn, a ó gbọ́ bí iná ṣe jó Tẹ́ńpìlì. Ìjọ á kígbe, ìwàásù á sì máa lọ. Ohun tí a kì í sábà béèrè ni ẹni tí Josephus jẹ́, ilé ẹni tó ń gbé nígbà tó ń kọ̀wé, àti ọwọ́ tó ń bọ́ ọ.

Àwa kò sọ pé kí ẹnikẹ́ni má ka Josephus. Láìsí ìwé rẹ̀, ohun díẹ̀ ni à bá mọ̀ nípa Fẹ́líìsì, Fẹ́sítù, Àgírípà àti Bernike, àwọn tí Pọ́ọ̀lù dúró níwájú wọn nínú Ìṣe Àwọn Àpọ́sítélì. Ìtumọ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí William Whiston ṣe ní ọdún 1737 wà nínú àpótí ìwé ọ̀pọ̀ nínú wa, ó sì yẹ kó wà níbẹ̀. Ṣùgbọ́n nínú gbogbo ohun tí oníwàásù lè kà nípa agbára Róòmù àti rògbòdìyàn tó mì ín, ìwé *Ogun Àwọn Júù* yìí ni a gbọ́dọ̀ fi ìṣọ́ra kà jù lọ, nítorí pé ẹni tó kọ ọ́ pe ara rẹ̀ ní ẹni tí Ọlọ́run ń bá sọ̀rọ̀. Ó sọ àsọtẹ́lẹ̀ fún alágbára kan, àsọtẹ́lẹ̀ náà ṣẹ, ó sì jẹ nínú èrè rẹ̀ fún ohun tó ju ọdún 20 lọ.

A bí i ní ọdún 37 lẹ́yìn ìbí Olúwa wa, nínú ìdílé àlùfáà. Nígbà tó lé díẹ̀ ní ọmọ ọdún 26, ó wọ ọkọ̀ ojú omi lọ sí Róòmù láti bẹ̀bẹ̀ fún àwọn àlùfáà kan tí Fẹ́líìsì ti dè ránṣẹ́ sí Késárì. Ọkọ̀ náà rì lójú òkun, bíi ti Pọ́ọ̀lù. Ó yè é, ó rí ojú rere Poppaea, aya Nero, wọ́n tú àwọn tó tìtorí wọn lọ sílẹ̀, wọ́n sì tún fún un ní ẹ̀bùn. Ó ti fi ojú ara rẹ̀ rí Róòmù kí ogun tó bẹ̀rẹ̀, èyí kò sì kúrò lọ́kàn rẹ̀ mọ́.

Ilé ti gbóná kó tó padà dé. Florus, ẹni tí Nero fi ṣe olórí Jùdíà, tí àwọn baba wa ì bá pè ní ajẹ́lẹ̀ gan-an, kó tálẹ́ńtì 17 nínú ìṣúra Tẹ́ńpìlì ní ọdún 66. Ìlú dìde. Àwọn àlùfáà dá ẹbọ tí wọ́n ń rú nítorí Késárì dúró, èyí sì já sí ìkéde ogun. Cestius Gallus, gómìnà Síríà, kó ogun wá sí ẹsẹ̀ odi Jerúsálẹ́mù, ó tún yí padà. Àwọn Júù lé e, wọ́n sì pa ọ̀pọ̀ nínú ọmọ ogun rẹ̀ ní ọ̀nà Bẹti-hórónì. Ìṣẹ́gun ọjọ́ yẹn ni ó ti gbogbo wọn sínú iná. Wọ́n yan àwọn ọ̀gágun, Josephus sì gba Gálílì.

Kí a má tíì kúrò níbẹ̀. Nínú Ìwé Kejì, kí ogun tó bẹ́, Josephus fi ọ̀rọ̀ gígùn kan sí Àgírípà Kejì lẹ́nu. Ọba náà ń ka àwọn orílẹ̀-èdè tó ti tẹríba fún Róòmù lọ́kọ̀ọ̀kan, Gíríìsì, Sípéènì, Jámánì, Íjíbítì, ó sì ń sọ iye ọmọ ogun tó ń ṣọ́ wọn. Ó ní ọmọ ogun 1,200 péré ló ń mú gbogbo Gọ́ọ̀lù dákẹ́. Gẹ́gẹ́ bí àkọsílẹ̀ ètò agbára ilẹ̀ Róòmù, kò sí ohun tó dára tó o fún akẹ́kọ̀ọ́ tó bá fẹ́ lóye ẹranko inú Ìfihàn 13. Ibi tí ọ̀rọ̀ náà já sí ni kí a fi ọkàn sí: Àgírípà ní ilẹ̀ ọba tó tóbi tó báyìí kò lè dúró láìsí ọwọ́ Ọlọ́run nínú rẹ̀, nítorí náà Ọlọ́run wà lọ́dọ̀ àwọn ará Róòmù. Ẹnu Àgírípà ni a ti gbọ́ ọ, ṣùgbọ́n ẹ̀kọ́ Josephus ni, yóò sì sọ ọ́ ní orúkọ ara rẹ̀ níkẹyìn. Bí a bá fi ṣe ìtumọ̀ Ìwé Róòmù orí 13, gẹ́gẹ́ bí a ti ń gbọ́ ọ nígbà mìíràn, a ti kúrò lórí ohun tí Pọ́ọ̀lù kọ. Pọ́ọ̀lù ní Ọlọ́run ni ó fi àwọn aláṣẹ sípò. Kò sọ pé ẹni tó bá borí ni Ọlọ́run fẹ́ràn.

Vespasian àti ọmọ rẹ̀ Titus wọ Gálílì ní ọdún 67. Josephus gba ìlú Jotapata dúró fún ọjọ́ 47. Nígbà tí ìlú ṣubú, ó bọ́ sínú kòtò jíjìn kan tó já sí ihò, ó sì bá àwọn ènìyàn pàtàkì 40 níbẹ̀. Àwọn ará Róòmù ní kó jáde, àwọn kò ní pa á. Àwọn tó wà nínú ihò ní àfi kí gbogbo àwọn kú. Josephus wàásù fún wọn pé ẹ̀ṣẹ̀ ni kí ènìyàn gba ẹ̀mí ara rẹ̀, wọ́n fa idà yọ sí i. Ó wá ní kí wọ́n ṣẹ́ kèké, kí ẹni tí kèké bá mú gba ikú lọ́wọ́ ẹni tó tẹ̀lé e, títí yóò fi kárí. Ó kárí, ó ku ẹni méjì: Josephus àti ọ̀kan. Òun fúnra rẹ̀ kò sọ bóyá kèké ló ṣe é tàbí ìpèsè Ọlọ́run. Ó fi méjèèjì síwájú wa, ó sì kọjá. Ó bá ẹni kejì sọ̀rọ̀, àwọn méjèèjì sì yè. A ti ka ojú ìwé yìí lọ́pọ̀ ìgbà, a kò tíì rí bí a ṣe lè kà á kí ara wa má bù wá.

Nínú ihò yẹn kan náà ni ó ní òun ti rántí àwọn àlá òru tí Ọlọ́run fi han òun, tí òun sì gbàdúrà ní ìkọ̀kọ̀ pé kì í ṣe ọ̀dàlẹ̀ ni òun ń lọ ṣe, ìránṣẹ́ Ọlọ́run ni òun. Wọ́n mú un dé iwájú Vespasian. Vespasian fẹ́ fi í ránṣẹ́ sí Nero. Ìgbà náà ni Josephus ní òun ní ọ̀rọ̀ ìkọ̀kọ̀ láti sọ: ìwọ yóò di Késárì, ìwọ àti ọmọ rẹ yìí.

Kí ẹ wo wákàtí tí àsọtẹ́lẹ̀ náà dé. Bó bá dé ọ̀dọ̀ Nero, ó lè kú. A kò torí èyí pè é ní irọ́. Suetonius, tí kò jẹ ẹ́ ní gbèsè kankan, náà kọ ọ́ pé Josephus tó wà nínú ẹ̀wọ̀n sọ irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀, ó sì dájú pé Vespasian gorí ìtẹ́. Bí ìdánwò inú Deuteronómì orí 18 nìkan bá ni a ní, Josephus yege.

Bí Vespasian ṣe dé orí ìtẹ́ ni ọ̀rọ̀ ọdún 69, ọdún tí Róòmù ní olú-ọba mẹ́rin. Nero ti pa ara rẹ̀ ní Okudù ọdún 68. Galba wá láti Sípéènì; ẹ̀ṣọ́ Késárì tí Otho ti fi owó fà mọ́ra pa á ní gbangba ọjà Róòmù ní ọjọ́ 15 oṣù Jánúárì. Otho lo oṣù mẹ́ta. Nígbà tí ogun Vitellius ṣẹ́ tirẹ̀ ní Bedriacum, ó fi ọ̀bẹ gún ara rẹ̀. Ní Disẹ́ńbà, àwọn ọmọ ogun Vespasian wọ Róòmù, wọ́n wọ́ Vitellius gba òpópónà, wọ́n pa á, wọ́n sì gbé òkú rẹ̀ jù sínú odò Tiber. Nínú ìjà yẹn ni ilé òrìṣà Jupiter ní Róòmù jóná. Ẹ fi èyí sọ́kàn. A ó padà sí i.

Ọ̀dọ̀ Tacitus ni kí ẹ ti ka ọdún yẹn. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ìwé rẹ̀ ni ó ti jẹ́wọ́ pé Vespasian ló gbé òun sókè, pé Titus fi kún un, pé Domitian tún fi kún un, kí òǹkàwé lè mọ irú ẹni tó ń bá a sọ̀rọ̀. Ó tún sọ ohun tí ọdún yẹn tú síta: pé a lè fi ènìyàn jẹ olú-ọba níbòmíràn yàtọ̀ sí Róòmù. Ọmọ ogun ló ń fi ọba jẹ. Kì í ṣe pé Tacitus mọ́ nínú ohun gbogbo. Ìbànújẹ́ gbáà ni ohun tó kọ nípa àwọn Júù nínú Ìwé Karùn-ún rẹ̀, ẹ̀gàn àti àhesọ ló pọ̀ níbẹ̀. Ṣùgbọ́n lórí bí Vespasian ṣe jọba, ó sọ ohun kan tó yàtọ̀ sí ti Josephus. Ó ní Alẹkisáńdíríà ni ìkéde ti bẹ̀rẹ̀, ní ọjọ́ 1 oṣù Júláì, lábẹ́ Tiberius Alexander, gómìnà Íjíbítì (Júù ni lábíbí, ó ti pa ẹ̀sìn baba rẹ̀ tì, ó sì ti ṣe ajẹ́lẹ̀ Jùdíà rí). Ìyẹn fi hàn pé wọ́n ti jọ dì í tẹ́lẹ̀. Josephus ní rárá, ọmọ ogun Vespasian tó wà ní Jùdíà ló kọ́kọ́ fi idà fipá mú un, pé kò fẹ́. Ọba tí kò wá ipò, tí ipò wá a, ní ilẹ̀ tí wòlíì ti sọ. Ó bá àsọtẹ́lẹ̀ mu ju bó ṣe yẹ lọ.

Vespasian rántí ẹlẹ́wọ̀n rẹ̀. Titus ní kí wọ́n má kàn tú ẹ̀wọ̀n náà, kí wọ́n fi àáké gé e, kó lè dà bí ẹni tí a kò dè rí. Lẹ́yìn ogun, wọ́n fún Josephus ní ẹ̀tọ́ ọmọ ìbílẹ̀ Róòmù, ilẹ̀ ní Jùdíà, owó, àti ibùgbé nínú ilé tí Vespasian ti ń gbé kó tó jọba. Orúkọ ìdílé wọn, Flavius, di tirẹ̀. Ibẹ̀ ni ó ti kọ *Ogun Àwọn Júù*. Nínú ìtàn ìgbésí ayé rẹ̀, ó fi yangàn pé Titus fi ọwọ́ ara rẹ̀ buwọ́ lu ìwé náà, ó sì pàṣẹ kí a gbé e jáde, àti pé Àgírípà kọ lẹ́tà 62 láti jẹ́rìí pé òtítọ́ ni.

Ìdí nìyí tí a fi gbọ́dọ̀ rọra lórí ọ̀rọ̀ iná Tẹ́ńpìlì. Josephus ní Titus pe ìgbìmọ̀ ogun, ó sì pinnu pé kí wọ́n dá Tẹ́ńpìlì sí. Ọmọ ogun kan ló ju iná wọlé láìgba àṣẹ. Sulpicius Severus, Kristẹni tó kọ̀wé ní nǹkan bí ọdún 400, ní Titus gan-an wà lára àwọn tó ní kí wọ́n wó o. Ní ọdún 1861, Jacob Bernays, ọ̀mọ̀wé ará Jámánì, sọ pé apá ìwé Tacitus tó ti sọnù ni Severus ti rí i. Wọ́n ṣì ń jiyàn lórí rẹ̀. Lójú tiwa, ìwé tí Titus buwọ́ lù kò lè dá Titus láre. Bákan náà ni ọ̀rọ̀ iye àwọn tó kú: 1,100,000 ni Josephus kọ, Tacitus ní 600,000 ni gbogbo àwọn tí a dó tì, ọ̀pọ̀ ọ̀mọ̀wé sì gbà pé méjèèjì ti pọ̀ jù. Ẹ má ka iye náà lórí pẹpẹ bí ẹni ka ẹsẹ Bíbélì. Ọ̀rọ̀ nípa Jésù tó wà nínú Ìwé Kejìdínlógún *Ìtàn Àtijọ́ Àwọn Júù*, tí a máa ń fi na àwọn aláìgbàgbọ́, náà ń fẹ́ ìṣọ́ra, nítorí pé ọ̀pọ̀ ọ̀mọ̀wé gbà pé ọwọ́ Kristẹni ti kàn án.

Ohun kan wà tó dùn wá ju iye lọ. Kí Tẹ́ńpìlì tó wó, Júù kọ̀ọ̀kan ń san dírákímà méjì fún un lọ́dún, owó tí Olúwa wa ní kí Pétérù lọ mú lẹ́nu ẹja nínú Mátíù 17. Lẹ́yìn ogun, Vespasian ní kí wọ́n máa san owó yẹn fún Jupiter ní Róòmù, ilé òrìṣà tó jóná lọ́jọ́sí. Ọmọ àlùfáà ni Josephus. Ó sọ ọ̀rọ̀ yìí ní gbólóhùn kan nínú Ìwé Keje, ó sì kọjá lọ.

Ó tún wà nínú Ìwé Kẹfà. Ó ní ohun tó sún àwọn Júù sí ogun jù lọ ni àsọtẹ́lẹ̀ kan nínú Ìwé Mímọ́ wọn, pé ní àkókò yẹn ẹnì kan láti ilẹ̀ wọn yóò jọba lórí ayé. Ó ní wọ́n ṣì í túmọ̀: Vespasian ni, ẹni tí a fi jọba nígbà tó wà ní Jùdíà. Tacitus àti Suetonius náà sọ bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n kèfèrí ni wọ́n, kò sì yà wá lẹ́nu. Josephus mọ Ìwé Mímọ́. Ìrètí tí Síméónì fi gbé ọmọ lọ́wọ́ nínú Tẹ́ńpìlì, òun mú un lọ fún ọ̀gágun tó dó ti Tẹ́ńpìlì yẹn gan-an. Deuteronómì orí 18 kò lè mú irú ọ̀rọ̀ yìí. Orí 13 ló lè mú un, níbi tí a ti kìlọ̀ nípa wòlíì tí àmì rẹ̀ ṣẹ, kí a sì tún wo ọ̀dọ̀ ẹni tó ń darí wa sí. Ní ọdún ìdìbò, nígbà tí àwọn olùdíje bá ń ti ibùdó àdúrà kan bọ́ sí òmíràn, tí wòlíì kálukú sì ń kéde orúkọ ẹni tí a fi hàn án, ibi tí ìjọ wa máa ń dúró ni bóyá ó ṣẹ tàbí kò ṣẹ. Àwa náà ti dúró níbẹ̀ rí.

Josephus yóò dáhùn pé Jeremáyà náà ní kí Jerúsálẹ́mù túúbá fún Bábílónì. Ó sọ ọ́ ní ti gidi, níwájú odi ìlú, nígbà tí Titus rán an láti bá àwọn tó wà nínú ìlú sọ̀rọ̀ ní èdè wọn. Ó ní Sedekáyà kò pa Jeremáyà, ẹ̀yin ń bú mi, ẹ sì ń sọ mí ní nǹkan. Kí a má fi ṣe yẹ̀yẹ́. Bàbá àti ìyá rẹ̀ wà nínú ìlú náà, nínú túbú. Lọ́jọ́ kan òkúta bà á ní orí, ó dákú, ìròyìn sì dé ọ̀dọ̀ ìyá rẹ̀ pé ó ti kú.

Ṣùgbọ́n ẹ ṣí Jeremáyà orí 40. Nebusarádánì, ọ̀gágun Bábílónì, tú ẹ̀wọ̀n lọ́wọ́ Jeremáyà, ó ní bó bá fẹ́ bá òun lọ sí Bábílónì, òun yóò tọ́jú rẹ̀. Jeremáyà gba oúnjẹ ọ̀nà àti ẹ̀bùn, ó sì padà sọ́dọ̀ Gedaláyà láti máa gbé láàárín àwọn tálákà tó kù ní ilẹ̀ náà. Josephus bá Titus wọ ọkọ̀. Nínú orí 51, Jeremáyà kan náà kọ ìparun Bábílónì sínú ìwé, ó ní kí wọ́n so òkúta mọ́ ọn, kí wọ́n sọ ọ́ sínú odò Yúfírétì. A wá gbogbo ìwé Keje *Ogun Àwọn Júù*, a kò rí ìwé Róòmù tí a so òkúta mọ́.

Wòlíì mìíràn wà nínú ìwé Josephus, òun ló sì kọ ìtàn rẹ̀ fún wa, a sì dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ará oko kan ni, Jésù ọmọ Ananíà. Ọdún mẹ́rin kí ogun tó bẹ̀rẹ̀, nígbà tí ìlú rọ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í ké ègbé lé Jerúsálẹ́mù àti Tẹ́ńpìlì lórí ní àkókò Àjọ̀dún Àgọ́. Wọ́n mú un lọ sọ́dọ̀ Albinus, ajẹ́lẹ̀ Róòmù. Wọ́n nà án títí egungun rẹ̀ fi hàn. Kò bẹ̀bẹ̀, kò sunkún, igbe kan náà ni ó ń ké. Albinus ní wèrè ni, ó fi í sílẹ̀. Ọdún méje àti oṣù márùn-ún ni ó fi ké e. Kò ṣépè fún ẹni tó nà án, kò dúpẹ́ lọ́wọ́ ẹni tó fún un ní oúnjẹ. Nígbà ìdótì, òkúta tí ẹ̀rọ ogun Róòmù jù pa á lórí odi. Kò sí ẹni tó buwọ́ lu ọ̀rọ̀ rẹ̀.

Ó ku ibì kan, òun ló sì mú wa kọ àròkọ yìí. Ní ọdún 93 tàbí 94, Josephus parí *Ìtàn Àtijọ́ Àwọn Júù*, ìwé 20. Nínú Ìwé Kẹwàá, ó ń sọ àlá Nebukadinésárì láti inú Dáníẹ́lì orí 2. Ó ṣàlàyé orí wúrà, ó ṣàlàyé fàdákà, idẹ àti irin. Ó wá dé ibi òkúta tí a kò fi ọwọ́ gé, tó fọ́ ère náà túútúú, ó sì dúró. Ó ní Dáníẹ́lì ṣàlàyé òkúta náà fún ọba, ṣùgbọ́n òun kò rí i pé ó yẹ kí òun sọ ọ́, nítorí pé ohun tó ti kọjá ni iṣẹ́ òun, kì í ṣe ohun tó ń bọ̀.

Ó rọrùn láti fi rẹ́rìn-ín. Ẹni tó sọ ohun tó ń bọ̀ fún Vespasian ni ó wá ní ohun tó ti kọjá nìkan ni iṣẹ́ òun! Ìbẹ̀rù sì wà níbẹ̀ lóòótọ́. Domitian ti pa òpìtàn kan tó ń jẹ́ Hermogenes nítorí ọ̀rọ̀ àfiṣàpẹẹrẹ tó wà nínú ìwé rẹ̀, ó sì kan àwọn tó da ìwé náà kọ mọ́ àgbélébùú. Ṣùgbọ́n lẹ́yìn tí a ti ka gbogbo rẹ̀ tán, a rò pé ìdákẹ́jẹ́ yìí ṣe é lóore jù gbogbo ọ̀rọ̀ rẹ̀ níwájú odi lọ. Nígbà tó wà ní ọ̀dọ́, ó mú àsọtẹ́lẹ̀ ńlá kan lọ fún Késárì. Nígbà tó dàgbà tán, tó tún bá òmíràn pàdé, kò fún Késárì. Kò sọ pé Róòmù ni òkúta náà, bẹ́ẹ̀ ì bá rọrùn fún un láti sọ bẹ́ẹ̀, ì bá sì dùn mọ́ àwọn tó ń bọ́ ọ. Kò sì yọ ọ́ kúrò nínú ìtàn. Ó ní ẹni tó bá ń wá ìmọ̀ tó péye sí i, kó lọ ka ìwé Dáníẹ́lì, yóò rí i láàárín àwọn ìwé mímọ́. Nígbà tó kọ ọ́, ìdílé Vespasian ṣì wà lórí ìtẹ́. Ní oṣù Sẹ̀tẹ́ńbà ọdún 96, wọ́n gún Domitian pa nínú iyàrá rẹ̀, kò sì sí ọmọ tó lè rọ́pò rẹ̀.